Ẹranko Olójú Kan ní Ìlú Tí Kò Nílẹ̀

Ẹ ti bẹ̀ mí tó. Ẹ gbé àpótí yẹn sún mọ́ mi kí n jókòó, kí ẹ sì pa ẹnu mọ́, nítorí n kì í sọ ọ̀rọ̀ kan lẹ́ẹ̀mejì. Èmi ni Ọdẹ́dìran, ọdẹ Ìdí-Apá. Mo ti pa ẹfọ̀n. Mo ti pa àmọ̀tẹ́kùn tó jẹ ewúrẹ́ baálẹ̀ tán. Erin kan pàdé mi rí, òun ló yà fún mi lọ́nà. Ìfọ́nnu mi parí síbẹ̀. Níbi tí mo fẹ́ sọ fún yín yìí, n kò pa ohunkóhun, síbẹ̀ wọ́n dá mi lẹ́bi ẹran. Bí ọ̀rọ̀ náà bá rú yín lójú bí mo ti ń sọ ọ́, ẹ má bínú. Èmi tí mo débẹ̀, ó ṣì rú mi lójú.

Ọdẹ́rìnlọ ni ẹ̀gbọ́n mi, ọmọ ìyá mi. Òun ló kọ́ mi bí a ṣe ń ki ìbọn. Ó wọ igbó lọ́jọ́ kan, kò padà wálé. Àwẹ̀ró, ìyàwó rẹ̀, wà nínú oyún nígbà náà. Ó bímọ, ọmọ náà rìn, ọmọ náà bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, ó sì ń pe èmi ní bàbá. Ìyẹn kò dùn mọ́ mi nínú. Ògúnmákin, tí í ṣe Olúọdẹ wa, wá ránṣẹ́ pè mí. Ó ní, "Ọdẹ́dìran, a fẹ́ ṣípà ẹ̀gbọ́n rẹ." Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí, bóyá ẹ kò mọ ìṣípà. Bí ọdẹ bá kú, àwọn ọdẹ yòókù yóò kó irinṣẹ́ rẹ̀ lọ sínú igbó, wọn yóò yọ ọ́ kúrò láàárín ara wọn, kí ó má baà máa bá wọn dẹ igbó kiri. Ẹni tí a bá ti ṣípà rẹ̀, bó tilẹ̀ fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn wálé, òkú ni. Ẹnikẹ́ni kò ní dá a lóhùn. Ìyàwó rẹ̀ yóò lọ sílé ọkọ mìíràn. Mo ní, "Bàbá, ta ló rí òkú rẹ̀?" Ó ní, "Ta ló rí i láàyè?" Mo bẹ̀ ẹ́ pé kí wọ́n ní sùúrù. Ó ní, "Tí iṣu tuntun bá dé, a óò ṣe é. Bí o kò bá fẹ́ bẹ́ẹ̀, lọ mú un wá. Òun gan-an ni kí o mú wá, kì í ṣe fìlà rẹ̀." Mo gbé ìbọn ṣakabùlà mi, mo kúrò níbẹ̀.

Ọdẹ kì í wọ igbó tí kò mọ̀ láìṣẹ́ ewé. Yóò ṣẹ́ ẹ̀ka kékeré, yóò yí ẹ̀yìn ewé rẹ̀ sókè, yóò kọ orí rẹ̀ sí ibi tó ń lọ. Ẹ̀gbọ́n mi a máa so koríko mọ́ tirẹ̀. Mo rí àwọn ewé náà níkọjá odò, wọ́n ti gbẹ, koríko ṣì wà lára wọn. Mo tẹ̀ lé wọn. Wọ́n dé ìdí igi kan tí n kò rí irú rẹ̀ rí, wọ́n sì gun igi náà lọ. Ẹ gbọ́ ohun tí mo wí: àmì ọ̀nà gun igi. N kò mọ ohun tí àgbàlagbà ọdẹ gun igi lọ ṣe, mo gùn ún tẹ̀ lé e. Lórí ẹ̀ka kọ̀ọ̀kan ni mo ti ń rí ewé tó ṣẹ́. Kùrukùru bò mí. Igi tán, ọwọ́ mi ṣì ń rí nǹkan dì mú. Mo wo ìsàlẹ̀, n kò rí ilẹ̀. Mo wo òkè, n kò mọ èwo ni òkè mọ́. Bí ọdẹ bá ro ìṣẹ́, tó ro ìyà, bó bá pẹran kò ní fẹ́nìkan jẹ. Mo ro gbogbo rẹ̀ lórí igi yẹn, n kò sì tíì rí ẹran kankan.

Nígbà tí ẹsẹ̀ mi tún kan nǹkan, yìnyín dúdú ni. Ó kún fún kòtò bí ojú ẹni tí olóde bá jà. Oòrùn wà lókè, àmọ́ kò ju hóró àgbàdo lọ, kò sì mú. Nǹkan mìíràn ló gba ojú ọ̀run. Ó rí roboto, ó ju òṣùpá wa lọ bí ìkòkò aláró ṣe ju ife omi lọ, ó sì ní ilà lára bí aṣọ òfì, funfun kan, pupa rúsúrúsú kan. Àwọn ilà náà ń rìn. Èyí ń lọ sí ọ̀tún, èyí tó tẹ̀ lé e ń lọ sí òsì, wọn kò sì kọlu ara wọn. Ìyá arúgbó kan jókòó, ó dojú kọ ọ́. Ojú ìyá náà rí kòtòkòtò bí ilẹ̀ tí mo dúró lé. Mo wá rí i pé òun náà ni ilẹ̀ tí mo dúró lé. Ẹ má bi mí bó ṣe jẹ́. Mo kí i.

"Ẹ kú ìjókòó, Ìyá."

"Ta ló ń kí mi láti ẹ̀yìn? Bọ́ síwájú. N kì í yíjú padà."

"Kí ló dé, Ìyá?"

"Ọba tí mo ń yí ká ni. Ojú kan yìí ni mo fi ń wò ó láti ìgbà tí mo ti wà. Kò sí ẹni tó rí i tó tún rántí ẹ̀yìn ara rẹ̀. Àwa òṣùpá rẹ̀ pọ̀, ẹni tó ń kà wá kò tíì kà wá tán. Àwa mẹ́rin ni àgbà."

"Ọba ìlú wo ni, Ìyá?"

Ó rẹ́rìn-ín. "Ìwọ ọmọ onílẹ̀, o bá mi lórí àlọ́ kan. Ilé kan wà, ó ní òrùlé, ó ní ìloro, ó ní yàrá nínú yàrá, kò ní ilẹ̀. Kí ni onílé náà dúró lé?"

Mo rò ó títí. Mo ní, "N kò mọ̀ ọ́n."

"Èmi náà kò mọ̀ ọ́n," ni ó wí. "Mo rò pé ẹ̀yin mọ̀ ọ́n níbi tí o ti ń bọ̀."

Mo bi í bóyá ọdẹ kan kọjá. Ó ní ọdẹ kan kọjá, imú rẹ̀ jọ tèmi, ó kí òun dáadáa jù mí lọ. Ó ní ọdẹ náà béèrè pé ẹranko wo nìyẹn. Òun ní kí ni ẹranko? Ọdẹ náà ní ohun tó bá lójú ni. Òun ní ó dára, bó bá jẹ́ ojú ni, wo ojú lọ́hùn-ún. Ìyá náà nawọ́ sí i, èmi náà wò ó. Ojú pupa kan wà nísàlẹ̀ ikùn ọba náà, ó ń yí díẹ̀díẹ̀, ó ń wò wá. Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé ohun kan fún ẹ̀yin tí ẹ kò ṣọdẹ rí. Bí ọdẹ bá de iná mọ́rí, ojú ẹran ni yóò máa dán fún un nínú igbó. Bí ó bá rí ojú méjì, kí ó yìnbọn sáàárín. Bí ó bá rí ojú kan, ẹran náà fẹ̀gbẹ́ sí i ni. Kò gbọdọ̀ yìn. Yóò dúró di ìgbà tí ẹran náà bá yíjú padà tí ojú kejì yọ. Ọdẹ́rìnlọ ló kọ́ mi. Lójú ẹsẹ̀ ni mo mọ ibi tí ó wà, mo sì mọ ohun tó ń ṣe níbẹ̀.

Mo dágbére fún ìyá arúgbó, mo ń lọ sọ́dọ̀ ọba náà. Ìkejì nínú àwọn òṣùpá mẹ́rin náà, obìnrin ni gbogbo wọn, ló tóbi jù, ó ń sùn, n kò jí i. Ìkẹta funfun gbòò, ara rẹ̀ jẹ́ yìnyín, ó sì sán káàkiri ara bí àtẹ́lẹsẹ̀ àgbẹ̀. Mo ń gbọ́ omi tó ń dún lábẹ́ awọ ara rẹ̀. Ó ní, "Má tẹ̀ mí. Dúró sí ẹ̀gbẹ́." Mo dúró sí ẹ̀gbẹ́. Ibẹ̀ ni mo ti bá ọdẹ kan tó fi irin ṣe ara. Apá rẹ̀ gùn, ó tẹ́ pẹrẹsẹ, ó ń dán bí dígí. Etí kan ṣoṣo ló ní, ó fẹ̀ bí atẹ tí a fi ń fẹ́ ọkà, ó sì kọ ọ́ sí ibi tí oòrùn kékeré yẹn wà. Mo kí i. Kò dáhùn. Mo jókòó, mo jẹ èbà gbígbẹ tí mo mú dání, mo mu omi. Nígbà náà ló tó ní, "O kú ọ̀nà." Mo ní kí ló pẹ́ bẹ́ẹ̀? Ó ní, "Mo kọ́kọ́ bi àwọn ará ilé bóyá kí n dá ọ lóhùn. Ilé jìnnà. Àmọ́ wọ́n ti ní kí n máa dá sọ̀rọ̀ báyìí."

"Kí lo wá pa níbí?" ni mo bi í.

"N kì í pa nǹkan. Mo ń wò ni. Mo ń wọn afẹ́fẹ́, mo ń ya àwọn obìnrin yìí ní fọ́tò, mo ń fi ránṣẹ́ sílé."

"Ọdẹ tí kì í pa?"

"Irú ọdẹ tí mo jẹ́ nìyẹn."

N kò bá a jiyàn. Ó ní ìràwọ̀ ńlá kan wà tí àwa ará ilé máa ń rí ní ìdájí, tí kì í ṣẹ́jú bí àwọn ìràwọ̀ yòókù. Ó ní ìràwọ̀ náà ni ọba tí mo dúró níwájú rẹ̀ yìí. Ó ní afẹ́fẹ́ ni láti òkè délẹ̀, àmọ́ kò sí ilẹ̀. Ó ní ojú pupa yẹn kì í ṣe ojú, ìjì ni, ìjì tó lè gbé gbogbo ayé wa mì, ó ti ń yí láti ayé àwọn baba ńlá wa, kò sì tíì rẹ̀ ẹ́. Mo ní, "Kí ẹran náà yíjú padà ńkọ́? Kí ojú kejì yọ?" Ó ní, "Kò sí ojú kejì." Mo wò ó. Irin ni, n kò lè mọ̀ bóyá ó ń parọ́. Ó ní oúnjẹ òun ti fẹ́ tán, àwọn ará ilé sì ti ní kí òun wọ inú ọba náà lọ kí òun má jáde mọ́. Mo ní, "Kí lo fi ṣẹ̀ wọ́n?" Ó ní òun kò ṣe wọ́n ní nǹkan. Ó ní bí òun bá kú sí ìta gbangba, òun lè já lu obìnrin oníyìnyín yìí. Omi wà nínú rẹ̀. Bóyá ohun kan ń gbé inú omi náà, bóyá kò sí, ẹnikẹ́ni kò mọ̀. Wọn kò fẹ́ kí ìdọ̀tí ilé tó wà lára òun kó sínú rẹ̀. Mo ní, "Nítorí ohun tí wọn kò mọ̀ bóyá ó wà ni wọ́n fi fẹ́ pa ọ́?" Ó ní, "Bẹ́ẹ̀ ni." Mo rántí pé àwa náà kì í yìnbọn fún ẹran tó lóyún. Ó fẹ́ yé mi díẹ̀. Lẹ́yìn náà kò yé mi mọ́.

Mo ní, "Bó o bá ń lọ, gbé mi dé etí ojú pupa yẹn. Ẹ̀gbọ́n mi wà níbẹ̀." Ó ní, "Kí lo máa fún mi?" Mo ní, "Kí lo ń fẹ́?" Ó ní, "Bí mo bá wọ ìsàlẹ̀ rẹ̀ lọ, n kò ní lè fọhùn mọ́. Àwọn ará ilé yóò mọ̀ pé mo dákẹ́, àmọ́ kò ní sí ẹni tó rí mi. Wò mí títí o kò fi ní rí mi mọ́." Mo ní mo gbà. Mo so mọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀, a gbéra. A kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìkẹrin, èyí tó sún mọ́ ọba jù. Ara rẹ̀ pọ́n ràkọ̀ràkọ̀, ó ń rùn bí imí-ọjọ́, ó ń bì. Iná ni èébì rẹ̀, ó ga ju òkè èyíkéyìí tí mo mọ̀. Ó ní, "Ẹ bá mi bẹ̀ wọ́n. Ọba ń fà mí síbí, àwọn ẹ̀gbọ́n mi ń fà mí sọ́hùn-ún, inú mi ni wọ́n ń fà." Mo ní, "Ẹ pẹ̀lẹ́ o." Bó ṣe tún bì nìyẹn. Ó fi díẹ̀ tàsé wa, ó jó irùngbọ̀n mi ní apá kan. Ẹ wò ó, kò hù dáadáa mọ́.

Nígbà tí a wọ inú ọba náà, ara mi wúwo bí ẹni ru ẹ̀gbọ́n àti àbúrò rẹ̀. Mo bu obì sẹ́nu, ilẹ̀ mọ́. N kò tíì jẹ ẹ́ tán, ilẹ̀ ti ṣú, ó tún ti mọ́. Mo ń wí pé ilẹ̀ mọ́, ilẹ̀ ṣú, kò sì sí ilẹ̀. Ọdẹ onírin sọ mí kalẹ̀ sórí afẹ́fẹ́ kan tó ń ru sókè létí ojú pupa náà, tó gbé mi dúró bí ẹní. Kò dágbére. Ó ń lọ sísàlẹ̀, ó sì ń ké ohun tó ń rí fún mi. "Afẹ́fẹ́ ni. Ó ń gbóná. Ó ń ṣókùnkùn. Afẹ́fẹ́ ṣì ni. Ó ń fún mi pọ̀. N kò tíì rí ilẹ̀." Ó dákẹ́ níbẹ̀. Mo wò ó títí n kò fi rí i mọ́, mo tún wò díẹ̀ sí i. Lẹ́yìn náà ni mo yíjú. Ọdẹ́rìnlọ wà nítòsí mi, ó kúnlẹ̀ lórí orúnkún kan, ìbọn wà léjìká rẹ̀, ojú rẹ̀ wà lára ojú pupa.

"Ẹ̀gbọ́n," ni mo wí.

"Rọra sọ̀rọ̀. Ó ti fẹ́ yíjú padà."

"Ẹ ti pẹ́ níbí."

"Àárọ̀ yìí ni mo dé."

"Àwẹ̀ró ti bímọ."

"Oyún rẹ̀ kò tíì tó bí."

"Ọmọ náà ti ń sọ̀rọ̀."

"Ìwọ àti àwàdà rẹ. Jókòó, o ń dí mi lọ́wọ́."

Mo sọ fún un pé afẹ́fẹ́ ni. Ó wò mí bó ṣe wò mí lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ yìnbọn lu igi ọ̀gẹ̀dẹ̀. Ó ní, "Afẹ́fẹ́ a máa lójú?" Mo ní ó ń ní i níbí. Ó ní, "Ta ló sọ fún ọ?" Mo ní irin kan ni. Ó ní, "Irin." Mo sọ fún un pé wọ́n fẹ́ ṣípà rẹ̀. Ó ní, "Èmi tí mo kúnlẹ̀ yìí? Kí wọ́n dúró dè mí, mo ń mú ẹran bọ̀ tí wọn yóò jẹ di ọdún tó ń bọ̀." Mo ní, "Ẹ dìde, ẹ jẹ́ ká lọ." Ó ní, "Ọdẹ kì í fi ẹran tó ti fojú bà sílẹ̀. Àbí ta ló kọ́ ọ?" Àwọn àgbà ní ajá tó máa sọnù kì í gbọ́ fèrè ọdẹ. Ti àgbà ọdẹ kò rí bẹ́ẹ̀. Ó ń gbọ́ fèrè, kò kàn fẹ́ dìde ni.

Mo jókòó tì í. Oòrùn kékeré yẹn ń là, ó ń wọ̀. Mo wo ojú pupa náà nítorí kò sí ohun mìíràn tí a lè wò. Mo ti mọ̀ pé ìjì ni. Síbẹ̀, bí mo ti ń wò ó, ó ń yí, ó ń yí, ó sì jọ pé díẹ̀ ló kù kí ojú kejì yọ. Mo gbé ìbọn lé èjìká. Mo gbàgbé iṣu tuntun. Mo gbàgbé Àwẹ̀ró. Ẹ̀gbọ́n mi ní, "Ṣé o ti ń rí i báyìí?" Mo ní, "Mo ń rí i." Ohùn ara mi ló já mi láyà. Bí mo bá jókòó díẹ̀ sí i, àwa méjèèjì ni wọn ì bá ṣípà.

Mo wá rántí òfin. Ẹran tí ọdẹ àgbà bá ti ń ṣọ́, àbúrò kò gbọdọ̀ yìnbọn fún un. Bí ó bá yìn, ẹran ti bọ́ lọ́wọ́ ẹni tó ń ṣọ́ ọ, ìṣọ́ rẹ̀ parí nìyẹn. Ẹjọ́ ló kù. A kì í sì í fi ẹjọ́ yìí rán ènìyàn. Ẹni tí wọ́n jà lólè ẹran gbọ́dọ̀ fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ gbé e dé iwájú Olúọdẹ. Mo da ẹ̀tù sínú ìbọn, mo tún da sí i ju bó ti yẹ lọ. Mo nà án sí ojú pupa náà. Mo yìn ín.

Ojú náà kò ṣẹ́jú. Èmi ni mo fò. Ìbọn a máa ti ọdẹ sẹ́yìn níbi tó rí ilẹ̀ fẹsẹ̀ tì. Ẹ wá wo ibi tí kò sí ilẹ̀. Mo ń fẹ̀yìn lọ, ẹ̀gbọ́n mi sì fò mọ́ mi, ó di kọ́là ẹ̀wù gbérí ọdẹ mi mú.

"Ọdẹ́dìran."

"Ẹ̀gbọ́n."

"O yìnbọn fún ẹran mi."

"Mo yìn."

"Olúọdẹ yóò gbọ́ ọ."

A já sínú ilà afẹ́fẹ́ kejì, èyí tó ń sáré lọ sí òdìkejì. Ó jù wá síta bí kànnàkànnà ṣe ń ju òkò. A kọjá lórí obìnrin tó ń bì. Èébì rẹ̀ tì wá nídìí, ó gbé wa sókè, gìgísẹ̀ mi jóná. A kọjá lára ẹni oníyìnyín, a kọjá lára ẹni tó ń sùn. Ọdẹ́rìnlọ kò wo ìkankan nínú wọn. Ẹjọ́ rẹ̀ ló ń rò létí mi jálẹ̀ ọ̀nà, ó ń to ọ̀rọ̀ tí yóò kọ́kọ́ sọ. Ìyá arúgbó ní, "Ṣé ẹ ti mọ ohun tí onílé náà dúró lé?" Mo ní, "A kò mọ̀ ọ́n, Ìyá." A kan orí igi. Ó sọ̀ kalẹ̀ ṣáájú mi nítorí pé òun ni ẹ̀gbọ́n.

Iṣu tuntun ti dé. Àwọn ọdẹ ti kó irinṣẹ́ rẹ̀ sínú agbọ̀n, wọ́n ti ń dìde láti lọ. Ó wọ àgbàlá. Ó ní, "Ẹ sọ agbọ̀n yẹn kalẹ̀. Mo ní ẹjọ́." Àwọn kan sá. Ògúnmákin kò sá. Ó ní, "Jókòó, kí o rò ó." Àwẹ̀ró jáde láti inú ilé, ó di ẹnu ọ̀nà mú. Ọmọbìnrin kan rọ̀ mọ́ aṣọ rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi wo ọmọ náà. "Ọmọ ta nìyí?" Àwẹ̀ró ní, "Ọmọ rẹ ni." Ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Ó fi àtẹ́lẹwọ́ tẹ ilẹ̀, ó tún tẹ̀ ẹ́. Mo rò pé ọ̀rọ̀ ti yé e báyìí. Ó dìde, ó sì bẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀.

Ògúnmákin yíjú sí mi. "Ọdẹ́dìran, ṣé lóòótọ́ ni o yìnbọn fún ẹran tí ẹ̀gbọ́n rẹ ń ṣọ́?" Mo wo Ọdẹ́rìnlọ. Bí mo bá ní kò sí ẹran níbẹ̀, yóò ní irọ́ ni. Ẹnìkan yóò ní kí ó lọ fi hàn wọ́n. Yóò lọ. Mo ní, "Mo yìn." "Ẹran wo ni?" "N kò mọ orúkọ rẹ̀." "Ṣé ó kú?" "N kò rí òkú rẹ̀." N kò parọ́ kankan níbẹ̀. Wọ́n dá mi lẹ́bi. Wọ́n ní kí n fi ìbọn kọ́, kí n má tún yìn ín mọ́ nínú igbó Ìdí-Apá títí ayé mi. Mo fi kọ́ lọ́jọ́ náà. Ìdí tí ẹ fi ń rí mi tí mo ń dẹ tàkúté bí ọmọdé nìyẹn.

Ẹ̀gbọ́n mi kì í dáhùn bí mo bá kí i. Mo ń kí i. Ó bí ọmọ méjì sí i, ó wà ní oko ọmọbìnrin rẹ̀ àkọ́kọ́ báyìí, níkọjá odò. Bí ẹ bá gba ibẹ̀ kọjá, yóò pè yín jókòó. Yóò na apá méjèèjì láti fi bí ojú ẹran náà ṣe tó hàn yín, apá rẹ̀ kò ní tó o. Yóò ní bí kì í bá ṣe àbúrò òun, ojú kejì ì bá ti yọ. Kí ẹ máa ní bẹ́ẹ̀ ni, Bàbá. Ẹ má jẹ́ kó gbọ́ ohun tí mo sọ fún yín lónìí, ẹ má sì bá a jiyàn. Ó ti darúgbó, àmọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣì le, ó sì mọ ọ̀nà.